Ìdáhùn lórí “ìjágbàpín”: ta ni ó kọ́kọ́ pín ọrọ̀ náà?

Ẹ̀gbọ́n wa kan kọ̀wé pé kí a yé pe gbígba owó orí lọ́wọ́ ọlọ́rọ̀ láti fi tún ayé mẹ̀kúnnù ṣe ní “àtúnpín ọrọ̀”. Ìdí tí wọ́n fi lélẹ̀ ni pé kò sí ẹni tí ó pín in tẹ́lẹ̀, nítorí náà a kò lè ní a ń tún un pín; wọ́n wá gbé “ìjágbàpín”, èyíinì ni jíjá nǹkan gbà láti pín in, sílẹ̀ dípò rẹ̀. Pẹ̀lú ọ̀wọ̀ tí ó tọ́ sí wọn, n kò lè gba ìyẹn. “Já gbà” ti dájọ́ kí a tó pe ẹlẹ́rìí. Ohun tí olè ń ṣe lójú títì ni àwọn àgbà tí ó tọ́ mi ń lò ó fún.

Orí “tún” yẹn gan-an ni mo dúró lé. Ẹni tí ó ní ẹnikẹ́ni kò pín ọrọ̀ rí ti gbàgbé ogún. Nínú ẹjọ́ Dawodu àti Danmole ní Èkó, ọmọ mẹ́sàn-án láti ọ̀dọ̀ ìyàwó mẹ́rin ni olóògbé fi sílẹ̀. Adájọ́ kìíní ní kí wọ́n pín ogún náà ní orí-ò-jorí, èyíinì ni kí ọmọ kọ̀ọ̀kan gba ìpín dọ́gba. Ilé ẹjọ́ tí ó ga jù ú lọ dá a padà sí ìdí-igi, èyíinì ni kí ìdí ìyàwó kọ̀ọ̀kan gba ìpín dọ́gba, ní 1958, ìgbìmọ̀ adájọ́ ọba ní Lọ́ńdọ́nù sì fọwọ́ sí i ní 1962. Nínú irú ogún bẹ́ẹ̀, ọmọ tí ó bá dá wà nídìí ìyá rẹ̀ yóò gba ìdá kan nínú mẹ́rin lábẹ́ ìdí-igi, ìdá kan nínú mẹ́sàn-án lábẹ́ orí-ò-jorí, bẹ́ẹ̀ ni kò fi ọkọ́ kan ilẹ̀ sí i. Òfin ni ó pín in. Bákan náà ni ètò kápítálì rí: òfin ilẹ̀, ìwé àṣẹ ìkọ́jàwọlé, kànga epo tí ìjọba fi lé ẹnìkan lọ́wọ́, ìpín àkọ́kọ́ ni gbogbo wọn.

Ẹ̀gbọ́n tún fi ìjà Àgbẹ̀kọ̀yà ti 1968 sí 1969, ìyẹn ọ̀tẹ̀ àwọn àgbẹ̀ ilẹ̀ Yorùbá lórí owó orí, ṣe ẹ̀rí pé àwọn baba wa kórìíra owó orí. Rárá o. Òkè mẹ́fà, èyíinì ni ṣílè 30, ni àwọn àgbẹ̀ wọ̀nyẹn ní àwọn yóò san. Wọn kò ní àwọn kò ní í san rárá. Owó tí kò wo bí kòkó ṣe so ni wọ́n kọ̀. Òfin owó orí Nàìjíríà tí ó bẹ̀rẹ̀ ní oṣù kìíní 2026 yọ ẹni tí owó tí ń wọlé fún un lọ́dún kò ju ₦800,000 lọ sílẹ̀, ó sì bu ìdá 25 nínú ọgọ́rùn-ún lé èyí tí ó bá lé ní ₦50,000,000. Àtúnpín nìyẹn, bí ó tilẹ̀ kéré lójú mi.

Ní ti ìyá wa kan tí ó dá sí ọ̀rọ̀ yìí, tí wọ́n ní láti ọ̀run ni ìpín ọrọ̀ ti wá, pé kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kàn án, mo ṣì ń retí kí wọ́n sọ fún wa bóyá ọ̀run ni wọ́n ti fọwọ́ sí ìwé àṣẹ kànga epo náà.