Dialektikē kì í ṣe àríyànjiyàn: èrò mi lórí orúkọ tí a fẹ́ fún ọ̀nà ìbéèrè Socrates

Ẹ̀yin ará, ẹ̀yin àgbà,

Mo ti ka àbá mẹ́ta tó wà nílẹ̀ lórí orúkọ Yorùbá tó yẹ ká fún ohun tí àwọn Gíríìkì ìgbàanì ń pè ní dialektikē, ìyẹn ọ̀nà tí Socrates àti Plato ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀ gbà ń fi ìbéèrè àti ìdáhùn tú ìdí ọ̀rọ̀. Ẹnì kan ní "àríyànjiyàn" ti tó. Ẹlòmíì ní "ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò". Ẹ̀gbọ́n wa kan ní ká má wulẹ̀ rìn jìnnà, pé "ìdáfá" ni. N kò fara mọ́ ọ̀kankan nínú wọn. Ilé là ń wò ká tó sọmọ lórúkọ, ilé ọmọ yìí sì ni Áténì ní ọ̀rúndún karùn-ún ṣáájú ìbí Jésù. Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ wo ohun tí wọ́n ń ṣe níbẹ̀.

Nínú ìwé Plato tó ń jẹ́ Laches, àwọn bàbá méjì ń wá ìmọ̀ràn: ṣé kí àwọn ọmọ àwọn kọ́ bí a ṣe ń wọ ìhámọ́ra jà? Wọ́n bi ọ̀gágun méjì. Nicias ní kí wọ́n kọ́ ọ, Laches ní kò wúlò. Socrates tó wà níjokòó wá ní, nígbà tó jẹ́ pé torí kí àwọn ọmọ lè di akin ni gbogbo ẹ̀, ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mọ ohun tí ìwà akin jẹ́. Laches ní ìyẹn ò le: ẹni tó bá dúró ní àyè rẹ̀ lójú ogun, tó kọjú sí ọ̀tá, tí kò sá, akin nìyẹn.

Socrates bi í pé: àwọn ará Scythia ńkọ́, tí wọ́n ń sá tí wọ́n sì ń jà? Àwọn ará Sparta ní Plataea ńkọ́, tí wọ́n kọ́kọ́ sá títí ìlà ọ̀tá fi tú, kí wọ́n tó yíjú padà tí wọ́n sì ṣẹ́gun? Ẹni tó fara da àìsàn ńkọ́, tàbí òṣì, tàbí ewu ojú òkun? Laches gbà pé akin ni gbogbo wọn. Ó wá yí oríkì rẹ̀ padà: ìfaradà ọkàn ni. Gbogbo ìfaradà? Ti òmùgọ̀ ńkọ́? Rárá o, ti ọlọ́gbọ́n nìkan. Ó dáa. Ọkùnrin kan dúró jà nítorí ó ti ṣírò pé ìrànlọ́wọ́ ń bọ̀, pé àwọn ọ̀tá kéré sí àwọn tirẹ̀, pé ibi tó dára ni òun wà; ẹnì kan dúró kojú rẹ̀ láìní ọ̀kankan nínú ìwọ̀nyí. Ta ló jẹ́ akin jù? Laches ní ẹni kejì ni. Bẹ́ẹ̀ ìfaradà ẹni kejì yìí ló jọ ti òmùgọ̀ jù.

Ibẹ̀ ni Laches há sí. Ó ní inú ń bí òun, nítorí ó ń ṣe òun bíi pé òun mọ ohun tí ìwà akin jẹ́, ṣùgbọ́n ó bọ́ mọ́ òun lọ́wọ́ nígbà tí òun fẹ́ sọ ọ́. Ẹ má sì gbàgbé pé akin gidi ni Laches. Òun àti Socrates jọ wà níbi tí àwọn ọmọ ogun Áténì ti fẹsẹ̀ fẹ́ ẹ ní Delium lọ́dún 424 ṣáájú ìbí Jésù, òun fúnra rẹ̀ ló sì jẹ́rìí sí bí Socrates ṣe ṣe ọkùnrin lọ́jọ́ náà.

(Mo lo "oríkì" lókè yìí bí àwọn onímọ̀ ẹ̀dá-èdè wa ṣe ń lò ó, fún gbólóhùn tó sọ ohun tí nǹkan jẹ́. Ó ṣì máa ń pa mí lẹ́rìn-ín díẹ̀. Oríkì tí a mọ̀ nílé máa ń wúni lórí ni. Oríkì tí Socrates ń béèrè, orí rírò ló ń dá sílẹ̀.)

Ẹ wá wò ó: ta ló sọ pé ti ọlọ́gbọ́n nìkan ni? Laches. Ta ló sọ pé ẹni kejì ló jẹ́ akin jù? Laches kan náà ni. Socrates ò gbé ẹ̀rí kankan kalẹ̀ láti ẹ̀yìn òde. Ọ̀rọ̀ tí ẹni tó ń dáhùn fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ló ń takora. Ohun tó yẹ kí orúkọ wa gbé nìyẹn, ibẹ̀ sì ni "àríyànjiyàn" ti kùnà. Gbogbo wa la mọ àríyànjiyàn láti ilé ìwé: alága, àwọn adájọ́ tí kì í ṣègbè, olùṣọ́ àkókò, "iṣẹ́ àgbẹ̀ dára ju iṣẹ́ dókítà lọ". Wọ́n á pín ẹ̀gbẹ́ fún ọ, o ò gbọ́dọ̀ fi í sílẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé o ò gbà á gbọ́ rárá. Ẹni tó bá yí èrò padà láàárín ọ̀rọ̀ ti ba ti ẹgbẹ́ rẹ̀ jẹ́. Lọ́dọ̀ Socrates, yíyí èrò padà lọ́nà bẹ́ẹ̀ gan-an ni iṣẹ́ ọjọ́ náà.

Àwọn Gíríìkì ní orúkọ mìíràn fún ti ìdíje: eristikē, láti ara eris, ìjà. Plato fi irú rẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́ nínú ìwé rẹ̀ tó ń jẹ́ Euthydemus. Dionysodorus, olùkọ́ eristikē kan, bi ọmọkùnrin kan, Ctesippus: ṣé o lájá? Ó ní bẹ́ẹ̀ ni, ó burú gan-an pàápàá. Ṣé ó ti bímọ? Ó ti bímọ, wọ́n sì jọ ọ́. Ajá yẹn ni bàbá wọn, àbí? Ctesippus ní òun fojú ara òun rí i nígbà tó ń gun abo. Ṣé tìrẹ kọ́ ni ajá náà ni? Tèmi ni. Bàbá ni, tìrẹ sì ni: a jẹ́ pé ajá ni bàbá rẹ, ìwọ sì ni ẹ̀gbọ́n àwọn ọmọ ajá! Níhìn-ín, ẹni bá fẹ́ lo "àríyànjiyàn" lè lò ó, n kò ní bá a jà. Ọ̀rọ̀ náà bá eristikē mu bí ìbọ̀wọ́ ṣe ń bá ọwọ́ mu.

"Ìfọ̀rọ̀wánilẹ́nuwò" sún mọ́ ọn díẹ̀, nítorí ìbéèrè wà nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n ti oníròyìn ni. Ẹni tó ń fọ̀rọ̀ wáni lẹ́nu wò lórí rédíò fẹ́ kí àwọn olùgbọ́ mọ èrò àlejò rẹ̀ ni. Bóyá èrò náà dúró tàbí kò dúró, kò dandan kó kàn án. Socrates kì í gbé ẹsẹ̀ kan sí iwájú láìgba àdéhùn: ṣé o gbà? Kò sì fẹ́ àdéhùn ọ̀rọ̀ ẹnu lásán. Nínú ìwé Protagoras, nígbà tí Protagoras, gbajúmọ̀ olùkọ́ kan, ní, ó dáa, bó bá wù ọ́ bẹ́ẹ̀, ká gbà pé bẹ́ẹ̀ ni, Socrates kọ̀. Ó ní òun kò fẹ́ yẹ "bó bá wù ọ́" wò, èmi àti ìwọ ni ká yẹ̀ wò. Òfin ńlá nìyẹn: ohun tó o gbà gbọ́ gan-an ni kó o fi dáhùn. Òfin kejì ni pé kí ìdáhùn kúrú. Protagoras fẹ́ràn ọ̀rọ̀ gígùn tí àwọn èèyàn ń pàtẹ́wọ́ sí, Socrates bá díbọ́n pé onígbàgbé lòun, pé bí ọ̀rọ̀ bá ti gùn òun á gbàgbé ibi tó ti bẹ̀rẹ̀. Ó tiẹ̀ dìde pé òun ń lọ.

Ti "ìdáfá" gba sùúrù, nítorí kì í ṣe ọ̀rọ̀ àsọdùn lásán. Olóògbé Ọ̀jọ̀gbọ́n Sophie Olúwọlé fi Socrates àti Ọ̀rúnmìlà wéra, ìfiwéra náà sì fẹsẹ̀ múlẹ̀ níbi púpọ̀: kò sí ọ̀kan nínú àwọn méjèèjì tó fúnra rẹ̀ kọ ìwé sílẹ̀, àwọn ọmọ ẹ̀yìn ló gbé ọ̀rọ̀ wọn dé ọ̀dọ̀ wa. Àmọ́ bí iṣẹ́ náà ṣe ń lọ yàtọ̀. Ẹni tó wá dáfá kì í sọ ìṣòro rẹ̀ fún babaláwo. Owó ló ń sọ ọ́ sí wúyẹ́wúyẹ́. Odù yóò yọ, babaláwo yóò ki ẹsẹ, oníbèéèrè yóò sì fúnra rẹ̀ mọ ẹsẹ tó bá ọ̀ràn òun mu. Ọgbọ́n náà ti wà nínú odù kí ó tó wọlé. Ní Áténì, ẹni tó dáwọ́ lé ìbéèrè ló ń sọ pé òun ò mọ̀, ẹni tó rò pé òun mọ̀ ló ń dáhùn, kò sì sí ẹsẹ kankan tí wọ́n lè ki láti parí ọ̀rọ̀. Bí a bá pe èyí ní ìdáfá, a ó ṣi Gíríìkì lóye, a ó sì fi Ifá wọ́lẹ̀.

Àbá tèmi wá rèé. Iṣẹ́ méjì ló wà níbẹ̀, ẹ má jẹ́ ká fi orúkọ kan so wọ́n pọ̀.

Èkíní ni elenchos, ohun tí Socrates ṣe fún Laches. Nínú ewì Homer, ìtìjú ni ọ̀rọ̀ tó sún mọ́ ọn jù túmọ̀ sí. Nígbà tó yá ló di ọ̀rọ̀ ilé ẹjọ́, ìdánwò ẹ̀rí. Mo kọ́kọ́ rò ó pé ká pè é ní "ìfẹnumú", nítorí ẹnu òrofó ní í pa òrofó. Ẹni tó bá fẹ́ kí ìtìjú hàn nínú orúkọ náà ní ẹ̀rí lọ́wọ́: ní gbangba ni Socrates ti ń ṣe é, àwọn ọ̀dọ́ ń wò, wọ́n ń fara wé e, wọ́n sì ń dán an wò lára àwọn àgbà. Ó sọ ọ́ fúnra rẹ̀ nígbà ẹjọ́ rẹ̀ lọ́dún 399 ṣáájú ìbí Jésù pé ọ̀tá tí èyí dá sílẹ̀ pọ̀. Síbẹ̀, "mú" inú "ìfẹnumú" kò tẹ́ mi lọ́rùn: olè là ń mú. Nínú ìwé Charmides, Socrates ní ara òun gan-an lòun ń yẹ̀ wò jù, kí òun má baà rò pé òun mọ ohun tí òun kò mọ̀. Nítorí náà, "ìyẹ̀rọ̀wò" ni mo fara mọ́: yẹ ọ̀rọ̀ wò. Ọ̀nà tí "ìyẹ̀wò" gbà wọ èdè wa náà ló gbà. A lè sọ pé oríkì kan yege nínú ìyẹ̀rọ̀wò tàbí pé ó fìdí rẹmi, a sì lè pe oníbèéèrè ní "ayẹ̀rọ̀wò".

Èkejì ni dialektikē fúnra rẹ̀, láti ara dialegesthai, kí ẹni méjì máa bára wọn sọ̀rọ̀. Nínú ìwé Republic, Plato gbé e ga ju gbogbo ẹ̀kọ́ lọ; ó ní ẹni tó bá ti pé 30 ọdún, tó sì ti yege nínú ìṣirò àti ìyókù, ni kí wọ́n fi í kọ́ fún ọdún márùn-ún. Ó ní bí ọ̀dọ́ bá tètè tọ́ ọ wò, wọn á máa fi ọ̀rọ̀ fa gbogbo ẹni tó bá sún mọ́ wọn ya bí ọmọ ajá. Ìyẹ̀rọ̀wò lásán kọ́ nìyí mọ́. Ìdí nǹkan gan-an ni wọ́n ń wá, wọ́n sì jọ ń wá a ni. "Ìjùmọ̀wádìí" gbé nǹkan méjèèjì. Bí ẹnì kan bá ní ìbéèrè kò hàn nínú rẹ̀, mo gbà pé ká kọ "ìjùmọ̀wádìí oníbèéèrè" nígbà àkọ́kọ́, ká wá gé e kúrú lẹ́yìn náà.

Aristotle, ọmọ ẹ̀yìn Plato, ò ní pa wá lára púpọ̀. Dialektikē tirẹ̀ nínú ìwé Topics ní òfin bíi eré: ẹnì kan mú èrò kan dání, ẹnì kejì ń bi í ní ìbéèrè bẹ́ẹ̀ ni tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́, orí endoxa ni wọ́n sì ti ń bẹ̀rẹ̀, ìyẹn èrò tí gbogbo èèyàn, tàbí ọ̀pọ̀ wọn, tàbí àwọn ọlọ́gbọ́n gbà. Mo dábàá "èrò tó gbayì" fún endoxa.

Ẹnì kan túmọ̀ aporia, ìyẹn ibi tí ẹni tó ń dáhùn há sí bíi ti Laches, sí "ìdààmú". Rárá. Ebi lè mú ìdààmú wá. Poros ni ọ̀nà, aporia ni kí ọ̀nà tán. Ẹ wo ọmọ ẹrú inú ìwé Meno: Socrates ya onígun mẹ́rin tí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọ̀ọ̀kan jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 2, àyè inú rẹ̀ jẹ́ 4, ó ní kó wá èyí tí àyè inú rẹ̀ jẹ́ 8. Ọmọ náà ní kí ẹ̀gbẹ́ di 4; ó di 16. Ó ní kó di 3. Ó di 9. Ó wá ní òun ò mọ̀. Meno, ẹni tí Socrates ń bá sọ̀rọ̀ nínú ìwé náà, ti sọ ṣáájú pé Socrates dà bí ẹja tó ń mú ara ẹni kú tipiri (òjìjí ni n óò pè é, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ti omi iyọ̀ ni tiwọn), Socrates sì bi í bóyá òjìjí náà pa ọmọ yìí lára. Kò pa á lára. Nísinsìnyí ló tó fẹ́ wá ìlà tó gba àárín láti igun dé igun. "Àìrọ́nàgbà" ni mo dábàá.

Ó ku eironeia, ìyẹn kí Socrates máa ṣe bí ẹni tí kò mọ̀. Thrasymachus, olùkọ́ ọ̀rọ̀ sísọ kan, fi ìbínú pè é bẹ́ẹ̀ nínú Republic: ó ní ìṣe rẹ̀ ni, kò ní dáhùn ìbéèrè láé. Socrates gbọ́ ẹ̀sùn kan náà nínú ìwé Theaetetus, ó sì gbà pé òótọ́ ni, pé bí Phaenarete ìyá òun ṣe jẹ́ agbẹ̀bí ni òun náà ń gbẹ̀bí èrò fáwọn ẹlòmíì, ṣùgbọ́n òrìṣà kò jẹ́ kí òun fúnra òun bí. Ìwà kan, ẹnu méjì. Níbi tí Thrasymachus bá ti ń sọ̀rọ̀, "àgálámàṣà" ni n óò kọ. Ní ti Theaetetus, "ìgbẹ̀bí" ti ṣe é tán. Bí ẹnikẹ́ni bá ní ọ̀rọ̀ kan tó lè gba ẹnu méjèèjì, ẹ jọ̀ọ́, ẹ mú un wá.