Kókó kan yọ lábẹ́ àgbọ̀n ẹmọ́ ilé mi: ṣé oówo ni?

Olùbéèrè:
Mo kí gbogbo yín o. Ẹmọ́ ilé méjì, irú èyí tí ọ̀pọ̀ ènìyàn ń pè ní guinea pig, ni mo ń sìn, akọ sì ni wọ́n. Ní ọjọ́ mẹ́ta sẹ́yìn, bí mo ti ń ya irun èyí àgbà, ọwọ́ mi kan kókó kan lábẹ́ àgbọ̀n rẹ̀, tí kò ju hóró àgbàdo lọ nígbà náà, ṣùgbọ́n tí ó ti tó orí àtàǹpàkò mi báyìí. Ó gbóná, irun tó bò ó sì ti ń re. Amoxicillin tí dókítà kọ fún èmi fúnra mi ṣẹ́ kù nílé. Ǹjẹ́ mo lè fún un díẹ̀ nínú rẹ̀, kí n sì tẹ ọyún náà jáde?

Ìdáhùn kìíní:
Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má fún un rárá. Amoxicillin, ampicillin àti àwọn ìbátan wọn, pẹ̀lú clindamycin àti lincomycin, máa ń pa àwọn kòkòrò rere tí ń bá ẹmọ́ da oúnjẹ nínú ìfun, nígbà tí ìwọ̀nyí bá sì kú tán, àwọn bíi Clostridium difficile a gbilẹ̀, májèlé wọn a sì lè pa ẹran náà láàárín ọjọ́ díẹ̀, kódà bí kókó náà bá ti ń san. Enrofloxacin, tàbí trimethoprim tí a pò mọ́ sulfa, ni oníṣègùn ẹran sábà máa ń lò, ìwọ̀n ara ẹran náà ni ó sì fi ń ṣírò rẹ̀.

Ẹ má tẹ̀ ẹ́ pẹ̀lú. Ọyún ẹmọ́ kì í ṣàn bí tiwa. Ó ki bí ọṣẹ ìfọyín, inú àpò kan ni ó sì máa ń wà. Bí àpò náà bá bẹ́ sínú, abẹ́ awọ ni ọyún náà yóò tàn ká.

Ìdáhùn kejì:
Òótọ́ ni ẹni ìṣáájú sọ, àmọ́ kò tíì dá mi lójú pé oówo ni. Ìṣù ọ̀rá wà, jẹjẹrẹ náà sì wà. Abẹ́rẹ́ tín-ín-rín tí oníṣègùn bá fi fa díẹ̀ wò ni yóò yanjú rẹ̀. Bí ó bá jẹ́ ọyún, ibi tó wà ṣe pàtàkì. Èyí tó bá wà lọ́rùn sábà máa ń ti ọwọ́ Streptococcus zooepidemicus wá, kòkòrò tí ń gba ojú ọgbẹ́ tí igi koríko mímú dá sí ẹnu wọlé. Èyí tó bá lẹ̀ mọ́ egungun àgbọ̀n lè jẹ́ láti gbòǹgbò eyín, bí wọn kò bá sì ya àwòrán X-ray, wọn yóò gé e, yóò sì tún padà wá. Ẹ ya èkejì sọ́tọ̀, kí ẹ sì wo ẹ̀yìn àti ìdí rẹ̀ dáadáa, torí akọ méjì kì í pẹ́ géra wọn jẹ.

Ìdáhùn kẹta:
Ẹ máa wọ̀n ọ́n lójoojúmọ́, nítorí òṣùwọ̀n máa ń sọ òótọ́ kí ojú tó rí i. Bí kò bá jẹun fún wákàtí díẹ̀, ẹ má dúró de ọ̀la: ìfun ẹmọ́ kò gbọdọ̀ ṣófo, sírínjì tí kò ní abẹ́rẹ́ ni ẹ óò sì fi máa fún un ní oúnjẹ lílọ̀. Ara rẹ̀ kò lè dá fítámì C ṣe. 10 sí 30 mílígíráàmù fún kìlógíráàmù ara kan lójúmọ́ ni ó nílò. Bí wọ́n bá la kókó náà, wọn kì í sábà rán ojú rẹ̀, kí ó lè jiná láti inú wá. Ẹ óò máa fi omi iyọ̀ tí oníṣègùn fún yín fọ̀ ọ́, ẹ sì fi aṣọ mímọ́ rọ́pò ìyẹ̀fun igi nínú ilé rẹ̀.

Olùbéèrè:
Mo dúpẹ́ púpọ̀. Ọyún ni abẹ́rẹ́ fà jáde, eyín rẹ̀ kò sì ní àléébù. Wọ́n yọ àpò náà lódindi. Gíráàmù 940 ni ó wọ̀n kí a tó lọ, ó wálẹ̀ sí 905, ó sì ti di 915 lówùúrọ̀ yìí. Koríko ni ó ń jẹ bí mo ti ń kọ èyí.