Kàlẹ́ńdà tí a fi ọjọ́ ọ̀fọ̀ ṣe: báwo ni mo ṣe lè ṣètò rẹ̀ tí kò fi ní dàrú?

Akọ̀tàn Àjàṣẹ́

Ẹ̀yin àgbà àti ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi, mo kí yín o. Mo ń kọ ìtàn àròsọ nípa ilẹ̀ kan tí kò sí láyé yìí, tí mo sọ ní Odòjìn, mo sì fẹ́ kí àwọn ará ibẹ̀ máa fi ọ̀fọ̀ ka ọjọ́ dípò òṣùpá. Bí mo ṣe tò ó nìyí: àwọn baba ńlá mẹ́sàn-án ni ẹ̀kún omi gbé lọ nígbà tí wọ́n ń sọdá odò wá sí ilẹ̀ náà, ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn sì ní ogójì ọjọ́ ọ̀fọ̀ tirẹ̀ nínú ọdún. Ogójì lọ́nà mẹ́sàn-án jẹ́ 360. Ọjọ́ márùn-ún tó ṣẹ́ kù ni mo pè ní ọjọ́ aláìlẹ́kún, nítorí pé èèwọ̀ ni kí ẹnikẹ́ni sunkún nínú wọn, bí òkú tilẹ̀ wà nílẹ̀. Bí oṣù baba kan bá ti wọlé, gbogbo ilé ni yóò pa iná ìdáná, wọn yóò sì lọ bu iná tuntun létí odò.

Ohun méjì ló ń dà mí láàmú. Bí ará ilé lásán bá kú nínú oṣù baba tí kì í ṣe tirẹ̀, ọ̀fọ̀ ta ni wọn yóò ṣe? Èkejì, ṣé ìṣirò náà lè dúró fún ọgọ́rùn-ún ọdún, nítorí ìtàn mi gùn tó bẹ́ẹ̀, èmi àti ìṣirò kò sì mọ ara wa láti kékeré.

Baba Kétu

Àbúrò, o kú iṣẹ́ ọpọlọ. Àwọn ará Íjíbítì àtijọ́ ṣe ohun tó jọ èyí: oṣù méjìlá olọ́gbọ̀n ọjọ́, pẹ̀lú ọjọ́ márùn-ún tí wọ́n fi lé e. Ṣùgbọ́n ọdún oòrùn fi nǹkan bí ìdámẹ́rin ọjọ́ ju 365 lọ, nítorí náà, ní ọdún mẹ́rin mẹ́rin, kàlẹ́ńdà rẹ yóò máa fi ọjọ́ kan ṣáájú òjò àti ọ̀gbẹlẹ̀. Bí ó bá fi máa pé 120 ọdún, ó ti ń lọ sí oṣù kan. Àwọn ọmọ-ọmọ yóò gbé ẹkún dé etí odò nítorí àwọn tí ẹ̀kún omi gbé lọ, wọn yóò sì bá yanrìn gbígbẹ níbẹ̀.

Ti ọjà ńkọ́? Bí o bá fún wọn ní ọ̀sẹ̀ ọlọ́jọ́ mẹ́rin bíi tiwa, ogójì ọjọ́ gba ọ̀sẹ̀ mẹ́wàá géérégé, ṣùgbọ́n ọjọ́ márùn-ún yẹn yóò máa sún ọjà ní ọjọ́ kan lọ́dọọdún, débi pé ọjọ́ tí ó bọ́ sí ọjọ́ Ògún lọ́dún yìí yóò bọ́ sí ọjọ́ Jàkúta lọ́dún tó ń bọ̀. Èyí kì í ṣe àbùkù lójú mi, ṣùgbọ́n kí o mọ̀ ọ́n kí òǹkàwé tó rí i.

Lọ́dọ̀ wa níbí, a kì í fi nọ́ńbà pe Gẹ̀lẹ̀dẹ́. Ìkórè ló ń pè é, tàbí ọ̀dá, tàbí àjàkálẹ̀ àrùn. Jẹ́ kí odò fúnra rẹ̀ máa ṣí ọdún. Fi òkúta kan sí etí rẹ̀. Ọjọ́ tí omi bá kan òkúta náà ni ọdún bẹ̀rẹ̀. Bí omi bá pẹ́, ọjọ́ aláìlẹ́kún yóò máa pọ̀ sí i, ẹni tí òkú sì kú fún yóò máa gbé ẹkún mì.

Ìyá Olùkọ́, Ṣábẹ̀ẹ́

Baba, ẹ ṣeun, mo fara mọ́ ti odò náà. Ohun kan ló kù tí a kò tíì bi olùbéèrè: ṣé ọjọ́ ikú wà nínú ogójì náà àbí kò sí? Ọjà ọrọọrún tí à ń ná, ọjọ́ mẹ́rin mẹ́rin ló ń pé. Ìtàdógún, ọjọ́ mẹ́rìndínlógún ni, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹẹ́tàdínlógún wà nínú orúkọ rẹ̀, nítorí pé a máa ń ka ọjọ́ tí a wà nínú rẹ̀ mọ́ ọn. Bí àwọn ará Odòjìn bá ń kà bíi tiwa, ọjọ́ ogójì baba kan ni yóò jẹ́ ọjọ́ kìíní baba tó tẹ̀ lé e. Láàárọ̀, àwọn obìnrin yóò tú gèlè ọ̀fọ̀. Kí oòrùn tó wọ̀, wọn yóò tún wé e. Oṣù mẹ́sẹ̀ẹ̀sán yóò wá gba ọjọ́ 352 péré, ọjọ́ aláìlẹ́kún yóò sì di mẹ́tàlá.

Ní ti òkú ilé, ya òǹkà méjì sọ́tọ̀. Àwọn Mùsùlùmí ìjọ Shia ń ṣọ̀fọ̀ Hussein, tí wọ́n pa ní Karbala lọ́dún 680, ní ọjọ́ kẹwàá oṣù Muharram, wọ́n sì ń ṣe ogójì rẹ̀ ní ogúnjọ́ oṣù Safar, síbẹ̀ olúkúlùkù ṣì ń ka ọjọ́ òkú tirẹ̀ nílé. Nígbà tí ìyá ìyá mi ń ṣe opó, oṣù mẹ́rin àti ọjọ́ mẹ́wàá gẹ́gẹ́ bí òfin Mùsùlùmí, kò wo kàlẹ́ńdà rárá. Òwú dúdú kan ló so mọ́ ẹsẹ̀ ibùsùn rẹ̀, gbogbo ọjọ́ ọjà tí kò lè lọ ni ó sì ń ta kókó kan sí i, títí ó fi di kókó méjìlélọ́gbọ̀n. Bí mo bá bi í pé ọjọ́ mélòó ló kù, kò ní dáhùn. Á kàn fọwọ́ lé òwú náà. Má ṣe jẹ́ kí àwọn ènìyàn rẹ máa pe déètì. Jẹ́ kí wọ́n máa sọ ohun tí wọn kò gbọdọ̀ ṣe, pé "ó ku ọjà méjì kí a tó tún gbọ́ ìró odó."

Onílù Kétu

Ẹ̀yin àgbà mi, ẹ má bínú. Bí gbogbo ọdún bá jẹ́ ọ̀fọ̀, ìgbà wo ni wọ́n ń gbéyàwó? Bí ó bá jẹ́ inú ọjọ́ mẹ́tàlá yẹn ni gbogbo ìyàwó ìlú ń wọlé, a jẹ́ pé onílù Odòjìn ti di ọlọ́lá nìyẹn.

Akọ̀tàn Àjàṣẹ́

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo yín. Mo ti mú òkúta etí odò, mo ti mú mẹ́tàlá, mo sì ti mú òwú, pẹ̀lú àṣẹ Ìyá. Ìgbéyàwó náà yóò wà níbẹ̀. Ìbéèrè mi tó kù kò ju ẹyọ kan lọ: ẹni tó bá kú nínú ọjọ́ aláìlẹ́kún, nígbà tí ìyàwó ń wọlé ní ilé kejì, kí ni kí àwọn ẹbí rẹ̀ ṣe?

Ìyá Olùkọ́, Ṣábẹ̀ẹ́

Kí wọ́n sin ín ní ìdájí láìsọ̀rọ̀. Ẹni tó bá béèrè rẹ̀, kí wọ́n sọ fún un pé ó lọ wò ó bóyá omi ti kan òkúta.