Òṣèré tó ta ṣẹ́ẹ̀sì nínú fíìmù James Bond àtijọ́: ta ni?

Ọmọ Mólípà: Ẹ̀yin ọmọ Alárè, ẹ kú àṣálẹ́ o. Ẹ jọ̀ọ́, orúkọ òṣèré kan ni mò ń wá. Télọ̀ ni bàbá mi ní Ìjẹ̀bú-Òde. Wọ́n ní kásẹ́ẹ̀tì fídíò *From Russia with Love* kan, a sì máa ń wò ó lálẹ́ Sátidé bí iná bá wà. Ọkùnrin kan ń ta ṣẹ́ẹ̀sì (chess, ayò ọba àti ayaba orí pátákó) níwájú èrò. Ó tín-ín-rín, kì í sáré ṣẹ́jú. Wọ́n gbé omi wá fún un, ó rí iṣẹ́ tí wọ́n fi rán sí i lábẹ́ ife, ojú rẹ̀ kò yí padà, ó pa ẹnìkejì láyò, ó dìde. Bàbá mi á ní, “Dá a padà, jẹ́ kí n tún un rí.” “Olójú Ológbò” ni wọ́n ń pè é. Ó pé ọdún mẹ́ta lóṣù yìí tí bàbá ti kú. Ta ni ọkùnrin yẹn?

Àdùkẹ́ Ṣàgámù: Kronsteen ni wọ́n pè é nínú eré. Òun náà ni wọ́n fi bàtà olóró gún pa lẹ́yìn náà. Ará Rọ́ṣíà kọ́ ni?

Tíṣà Ìperu: Rárá, Àdùkẹ́. Ọmọ Pólàńdì ni òṣèré náà. Vladek Sheybal lorúkọ rẹ̀, ìlú Zgierz ni wọ́n ti bí i ní 1923. Nígbà ogun, àwọn Jámánì gbé e lọ sí àgọ́ ìyà, ó sì sá mọ́ wọn lọ́wọ́.

Ọmọ Mólípà, bí o bá lè rí fíìmù *Kanał* tí Andrzej Wajda ṣe ní 1957, wò ó. Àwọn ajàjàgbara Warsaw, olú ìlú Pólàńdì, ni, 1944, tí wọ́n ń rá pálá nínú ihò gọ́tà abẹ́ ilẹ̀. Sheybal ṣe olórin kan láàárín wọn. Nígbà tí ọkàn rẹ̀ dàrú, ó ń fọn fèrè amọ̀ kékeré kiri inú òkùnkùn. Láti ọjọ́ tí mo ti wò ó ni fèrè yẹn ti wà létí mi. Fíìmù náà gba ẹ̀bùn ní àjọ̀dún fíìmù Cannes ní ilẹ̀ Faransé.

Sheybal kó lọ sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, àjèjì ni wọ́n sì ń fi í ṣe ṣáá: ọ̀gákọ̀ ará Pọtogí nínú *Shogun* (1980), ọ̀gágun Sófíẹ̀tì nínú *Red Dawn* (1984). Ó dùn mí gan-an pé ẹni tí ogun jẹ níyà tó bẹ́ẹ̀, òun náà ni wọ́n ń pè bí wọ́n bá ń wá ọ̀tá. Ṣùgbọ́n ìṣẹ́jú márùn-ún péré ni kí wọ́n fún un, wàá máa wá a kiri lẹ́yìn tó bá ti lọ. Ó kú ní London ní 1992.

Ayò inú fíìmù Bond yẹn kì í ṣe àdábọwọ́ o. Spassky àti Bronstein, àgbà ọ̀tayò ará Sófíẹ̀tì, ló ta á ní Leningrad ní 1960. Mo máa ń tò ó sórí pátákó fún àwọn ọmọ tí mò ń kọ́ níbí.

Àdùkẹ́ Ṣàgámù: Ẹ ṣé, Tíṣà. Ó rán mi létí Ògúndé tiwa, ará Òsosà. *Mister Johnson* ni fíìmù tó ṣe gbẹ̀yìn kó tó kú ní 1990, Pierce Brosnan tó wá di Bond ní 1995 sì wà nínú rẹ̀. Èmi ò wo Brosnan rárá, Ògúndé ni mò ń wá.

Ọmọ Mólípà: Tíṣà, omi bọ́ lójú mi. Páálí kásẹ́ẹ̀tì náà ṣì wà lọ́wọ́ mi, bàbá ti fi báírò kọ “Olójú Ológbò” sẹ́yìn rẹ̀. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ Vladek Sheybal sísàlẹ̀ ni. Ẹ jọ̀ọ́, báwo ni ayò yẹn ṣe parí? Ọmọ mi fẹ́ tò ó.

Tíṣà Ìperu: Ẹṣin funfun pa bíṣọ́ọ̀bù dúdú, ó sì ṣí ọ̀nà fún bíṣọ́ọ̀bù funfun láti dojú kọ ọba. Ọba dúdú sún sẹ́gbẹ̀ẹ́. Ayaba funfun jáde síwájú rẹ̀, ẹnìkejì gbà pé òun ti kú láyò. Mú un wá lọ́sàn-án Sátidé, màá tò ó pẹ̀lú rẹ̀.