Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti bá gáìdì fẹsẹ̀ rin Pópó Àgùdà rí, ẹ wá sọ tẹnu yín

Àbẹ̀kẹ́_Ìkòròdú
Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, ẹ̀yin ará. Àbúrò ọkọ mi ń bọ̀ wálé láti Toronto. Ó ní kì í ṣe etíkun lòun fẹ́ lọ lọ́tẹ̀ yìí, ìgboro Èkó àtijọ́ lòun fẹ́ fẹsẹ̀ rìn: Ìta Tinúbú, Kakawa, Bámgbóṣé, Campos, gbogbo sàkáání Pópó Àgùdà, níbi táwọn Àgùdà tó ti oko ẹrú Brazil padà wálé tẹ̀dó sí. Ó ti rí àwọn tó ń mú èèyàn kiri lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, owó tí wọ́n ń gbà sì kì í ṣe kékeré. Ẹni tó bá ti tẹ̀lé wọn rí, ẹ jọ̀ọ́, báwo ló ṣe rí?

Ìṣọ̀lá
Kó wọ bàtà tó le. Kó fi ẹ̀gbà ọrùn sílé.

Ọmọ_Bámgbóṣé
Àdúgbò ìyá mi nìyẹn, nítorí náà n kì bá tí sanwó kí ẹnì kan tó wá fi ilé mi hàn mí. Ibi iṣẹ́ ló kó wa lọ. Àárọ̀ Sọ́ńdè la pàdé ní Freedom Park, torí bí ọjà Balógun àti Ìdúmọ̀tà bá ti ná, ibi téèyàn máa gbẹ́sẹ̀ lé gan-an á di wàhálà. Ọmọkùnrin kan báyìí ni gáìdì, fìlà abetí ajá lórí, ọ̀rọ̀ ń yọ̀ lẹ́nu ẹ̀ bí ọṣẹ. Ó ní ọgbà ẹ̀wọ̀n Broad Street nibẹ̀ tẹ́lẹ̀ kí wọ́n tó sọ ọ́ di ibi ìgbafẹ́ ní 2010, ó fi ibi tí yàrá àwọn ẹlẹ́wọ̀n wà hàn wá, ó dárúkọ Herbert Macaulay àti Awólọ́wọ̀. Kò sí aburú níbẹ̀.

Ọ̀rọ̀ yí padà nígbà tá a wọ àdúgbò wa. Ó dá wa dúró síwájú ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kan, ẹ mọ irú ẹ̀, èyí tí wọ́n fi sìmẹ́ńtì ṣe òdòdó yí orí fèrèsé ká, tí ọ̀dà ti ń bó, tí wáyà iná ta kókó lára ògiri. Gáìdì rẹ ohùn sílẹ̀. Ó ní olówò ẹrú ló kọ́ ọ, pé yàrá ìsàlẹ̀ ni wọ́n máa ń so ẹrú mọ́ kí ọkọ̀ tó kó wọn lọ Brazil. Fóònù ń ya fọ́tò, ọ̀kan nínú àwọn ọ̀gá wa ti ń nu ojú. Ni fèrèsé òkè bá ṣí gbàgà, màmá kan yọ orí síta, ìborùn ṣì wà lọ́rùn wọn:

"Ìwọ ọmọ yìí, ta ló sọ ìyẹn fún ẹ? Ṣé bàbá ńlá mi lò ń pè lólówò ẹrú? Àwọn gan-an ni wọ́n tà! Wọ́n ra ara wọn padà ní Bàhíà, wọ́n wálé wá kọ́lé. Káfíńtà ni! Yàrá tó ò ń nawọ́ sí yẹn, pákó ni wọ́n ń kó síbẹ̀!"

Mo sá sẹ́yìn ẹnì kan, torí màmá yẹn bá ìyá mi tan. Wọ́n rí mi náà ṣá.

Ìyá_Káyọ̀dé
"Káfíńtà ni!" Yéè! Ẹ̀rín fẹ́ẹ̀ pa mí nínú dáńfó, gbogbo èèyàn ń wò mí.

Akínwándé
Ìtàn yìí dùn jù, mo ń fura. Àgùdà ni màmá, àárọ̀ Sọ́ńdè ni, kí ni wọ́n ń ṣe nílé tí wọn ò sí ní ṣọ́ọ̀ṣì Kátólíìkì Holy Cross?

Ọmọ_Bámgbóṣé
Máàsì ìdájí ni wọ́n ti dé. Ṣebí mo ní ìborùn ṣì wà lọ́rùn wọn? Ẹ máa ka ọ̀rọ̀ tán kẹ́ ẹ tó dájọ́.

Akínwándé
Ó dáa, mo gbà. Kí wá ni gáìdì ṣe?

Ọmọ_Bámgbóṣé
Ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja lójú títì. "Màmá, ẹ má bínú, bí wọ́n ṣe sọ ọ́ fún mi nìyẹn." Màmá ní kí gbogbo wa wọlé. Wọ́n fi àga tí bàbá yẹn kàn hàn wá, a mu omi tútù, wọ́n sọ̀tàn fún wa títí oòrùn fi mú. Nígbà tá a fẹ́ jáde, wọ́n na ọwọ́ sí gáìdì: kó mú owó wá, àwọn ló bá a ṣiṣẹ́ ẹ̀ lónìí. Ó san án.

Tóún_Mushin
Ó tọ́ sí wọn! Ó tún kéré!

Bàbá_Ìbẹ̀jú
Ẹ jẹ́ kí n dá sí i, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹ ò pè mí. Òótọ́ ni màmá sọ. Lẹ́yìn ọ̀tẹ̀ tí àwọn Mùsùlùmí, tí Yorùbá pọ̀ nínú wọn, dì ní Bàhíà ní 1835, ìjọba ibẹ̀ kò jẹ́ kí àwọn aláwọ̀ dúdú tó ti gba òmìnira rímú mí mọ́. Wọ́n lé àwọn kan, àwọn mìíràn fúnra wọn ra ìwé ọkọ̀, wọ́n padà sí Èkó, Àgbádárìgì, àti Àjàṣẹ́ (Porto-Novo) òun Wìdà (Ouidah) ní ilẹ̀ Benin òde òní. Ó pẹ́ lẹ́yìn ìyẹn, ní 1888, kí Brazil tó fòpin sí oko ẹrú pátápátá. Iṣẹ́ ọwọ́ ni wọ́n kó bọ̀: bíríkìlà, káfíńtà, télọ̀. Àwọn ló kọ́ Èkó ní ilé aláràbarà, ẹ wo orúkọ títì: Martins, Campos, Pedro, Tokunboh. Àwọn Sàró, àwọn tó ti Sierra Leone padà wá, ní tiwọn wà ní Ọlọ́wọ́gbọwọ́ lápá ibòmíì.

Ṣùgbọ́n ẹ má jẹ́ ká purọ́ fúnra wa. Àwọn kan wà nínú àwọn tó padà wá tó tún ṣòwò ẹrú. Ìyá Ẹfúnróyè Tinúbú tá a fi sọ Ìta Tinúbú náà ṣe é. Gáìdì yẹn ṣi ilé ni, kò ṣi ìlú. Mo ti sọ tèmi.

Dọlápọ̀_K
Bàbá, ẹ kú àlàyé, ṣùgbọ́n ṣé ti Ìyá Tinúbú lẹ máa kọ́kọ́ rántí? Obìnrin tó dojú kọ òyìnbó títí wọ́n fi lé e kúrò l'Ékòó?

Bàbá_Ìbẹ̀jú
Ọmọ mi, méjèèjì ló ṣe.

Dọlápọ̀_K
Ẹ ṣé sà.

Ìṣọ̀lá
"Ẹ ṣé sà" yẹn ní ìbínú nínú o.

Afẹsẹ̀rìn_Èkó
Iṣẹ́ yìí gan-an ni mò ń jẹ, ẹ gbọ́ tẹnu wa náà. Bí mo bá ní káfíńtà ló kọ́lé, àlejò á ní "ó dáa", á kọjá. Bí mo bá dárúkọ ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀, á dúró, á bèèrè, á tún fún mi ní nǹkan lẹ́yìn. N ò ní ó dára, ibi tí irọ́ ti ń wọlé ni mò ń sọ fún yín.

Owó tẹ́ ẹ sì ń pariwo lé lórí, kì í ṣe àpò wa ló ń wọ̀ tán. Kí ọjọ́ tó pé, mo gbọ́dọ̀ lọ rí àwọn ọmọ àdúgbò, torí ẹni tó ni títì yìí kọ́ ló ni ìkejì. Ẹni tí n ò bá rí, òun ló máa di fóònù yín mú lọ́jọ́ náà: "Ta ló ní kẹ́ ẹ ya ilé wa?" Bí a bá máa yà sí mọ́sálásí Shitta-Bey, mo ti gbọ́dọ̀ ránṣẹ́ síwájú ká má bá àkókò ìrun pàdé. Obìnrin á bo orí, bàtà á kù lẹ́nu ọ̀nà. Ẹ rò pé ẹnu dídùn nìkan ni?

Tóún_Mushin
Ẹ wá bá wa dáhùn: Shitta-Bey yẹn, gáìdì tèmi ní ọba ilẹ̀ Tọ́kì ló kọ́ ọ. Ṣé òótọ́ ni?

Afẹsẹ̀rìn_Èkó
Rárá. Owó Mohammed Shitta ni, ọmọ Èkó tí wọ́n bí ní Sierra Leone. Oyè "Bey" ni Súlútáànì ilẹ̀ Tọ́kì, Abdul Hamid kejì, fi ránṣẹ́ sí i, wọ́n sì wé e lé e lórí níbi ṣíṣí mọ́sálásí náà ní July 1894. Gómìnà Carter wà níbẹ̀, Quilliam tó jẹ́ Mùsùlùmí òyìnbó wá láti Liverpool. Ẹni tó kọ́ ọ, João Baptista da Costa, ọmọ Àgùdà ni.

Ìyá_Káyọ̀dé
Àgùdà kọ́ mọ́sálásí! Lónìí wọ́n á ní kó lọ kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì tiẹ̀ ná.

Mùrí_Àjàṣẹ́
Ìyẹn ò tó nǹkan. Ẹ wá wo mọ́sálásí ńlá tiwa ní Àjàṣẹ́, tàwọn Àgùdà ni, ó jọ ṣọ́ọ̀ṣì Bàhíà délẹ̀délẹ̀. Àlejò máa ń bèèrè lọ́wọ́ mi bóyá wọ́n gbà á lọ́wọ́ àwọn pádì ni.

Láídé_Arch
Ẹ máa ṣàwàdà. Èmi ò lè rìn níbẹ̀ mọ́ kí inú mi má bàjẹ́. Ẹ rántí Ilojo Bar ní Ìta Tinúbú, èyí tí wọ́n tún ń pè ní Casa do Fernandez? Láti 1956 ni ìjọba ti kọ ọ́ sínú ìwé àwọn ilé ìṣẹ̀ǹbáyé. Katapílà gbé e ṣánlẹ̀ ní 2016. Nígbà tí mo wà nílé ẹ̀kọ́, a jókòó síwájú ẹ̀ láti ya àwòrán òpó àti fèrèsé rẹ̀ tó tẹ̀ kọdọrọ lókè. Ní báyìí gáìdì á dúró síbẹ̀, á gbé fọ́tò sókè lójú fóònù, á ní "ibí ló wà".

Akínwándé
Èmi á sọ ohun tẹ́ ò ní fẹ́ gbọ́. Ilé ẹbí ni ilé ẹbí ń jẹ́. Ìjọba fún un yín ní pátákó "má fọwọ́ kàn án", wọn ò fún un yín ní kọ́bọ̀ láti fi tún òrùlé ṣe. Òjò ń rọ̀ lé màmá lórí, ẹ̀yin ń ya àwòrán òpó.

Láídé_Arch
Nítorí náà kí wọ́n wó o?

Akínwándé
N ò ní kí wọ́n wó o. Mo ní kẹ́ ẹ dá owó.

Ọmọ_Bámgbóṣé
Akínwándé sọ òótọ́ níbí, ó dùn mí láti gbà fún un. Ilé màmá yẹn ń jò ní igun méjì.

Fẹ́mi_Iléṣà
Gbogbo yín ò tíì dé ọ̀dọ̀ wa. Water House ní Kakawa ńkọ́? Ìjẹ̀ṣà ni João Esan da Rocha, wọ́n jí i gbé ní kékeré, ó ti Brazil dé, ó kọ́lé, ó ní kànga, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ta omi fún ará Èkó! Ìlú tí omi yí ká! Òṣómàáló kì í sùn.

Ìṣọ̀lá
Ọmọ ẹ̀, Candido, ló lówó jù. Bàbá wa máa ń sọ ọ́ bí a bá bèèrè owó: "Ṣé èmi ni Da Rocha?" Wọ́n ní London ni wọ́n ti ń bá a fọ aṣọ.

Tóún_Mushin
Ọkọ̀ ojú omi láti Èkó dé London nígbà yẹn, ṣé ọ̀sẹ̀ méjì, mẹ́ta? Lọ àti bọ̀? Kí ni bàbá ń wọ̀ kó tó dé?

Fẹ́mi_Iléṣà
Ìyẹn ni kẹ́ ẹ fi mọ iye aṣọ tó ní.

Dúpẹ́_Salvador
Ẹ kú ọ̀rọ̀ o. Bàhíà ni mò ń gbé, mo ti mú àlejò rìn ní Pelourinho títí ẹsẹ̀ mi fi mọ òkúta ibẹ̀. Òpó tí wọ́n ti ń na ẹrú ní gbangba ni wọ́n fi sọ àdúgbò yẹn lórúkọ, báyìí ọ̀dà pupa, búlúù, olómi ọsàn ló wà lára ilé gbogbo. Níbẹ̀ yẹn gáìdì ò lè purọ́ púpọ̀, ìwé wà lọ́wọ́ àlejò. Àkàrà ni mo máa ń dúró sí. Obìnrin aláṣọ funfun, gèlè lórí, epo pupa ń hó. Àkàrà wọn tóbi ju tiwa lọ, wọ́n á là á láàárín, wọ́n á ki edé gbígbẹ sí i. Ìgbà àkọ́kọ́, ó bi mí bóyá mo fẹ́ ẹ ní gbígbóná tàbí tútù. Mo ní gbígbóná, ta ló ń jẹ àkàrà tútù? Ata ló ń sọ! Omijé bọ́.

Ìyá_Káyọ̀dé
Ọmọ Yorùbá, ata fi ojú ẹ rí nǹkan. Ìtìjú dà?

Dúpẹ́_Salvador
Ata wọn kéré lójú, ẹ wá tọ́ ọ wò.

Dọlápọ̀_K
Bẹ́ ẹ ti dé orí oúnjẹ yìí, gáìdì tèmi mú wa jẹ fùrẹ́jọ́n níbì kan lẹ́bàá Campos. Kò sí ṣúgà nínú ẹ̀ rárá. Ṣé bẹ́ẹ̀ ló yẹ kó rí?

Ọmọ_Bámgbóṣé
Kí la gbọ́? Ẹ̀wà tí wọ́n sè títí tó fi rọ̀, tí wọ́n lọ̀, tí wọ́n jọ̀, tí wọ́n fi omi àgbọn sè, tí kò sì ní ṣúgà? Ẹ̀wà lásán lẹ jẹ.

Mùrí_Àjàṣẹ́
Ṣúgà díẹ̀. Ẹja díndín àti ọbẹ̀ ata lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀ ni kókó.

Ìṣọ̀lá
Ìyá àgbà mi máa ń fi kànáfùrù sí i. Ẹni tí kò bá fi kànáfùrù sí i, kó má pè é ní fùrẹ́jọ́n.

Ọmọ_Bámgbóṣé
Kànáfùrù kẹ̀? Ará Lafiaji ni ìyá àgbà yín, àbí?

Ìṣọ̀lá
Ará Lafiaji ni! Kí ló dé? Ṣebí àwa náà la máa ń gba ẹ̀bùn eré ìgboro kàrẹ́tà lọ́wọ́ yín lọ́jọ́ Àjíǹde.

Ọmọ_Bámgbóṣé
Irọ́ funfun báláú! Ní ọdún wo?

Bàbá_Ìbẹ̀jú
Ẹ̀yin ọmọ yìí, ẹ má jà. Ọmọ Bámgbóṣé, màmá yẹn, ṣé wọ́n ń ta fùrẹ́jọ́n?

Ọmọ_Bámgbóṣé
Wọn kì í tà á, Bàbá. Ẹni tó bá gbé abọ́ wá ní Ọjọ́ Ẹtì Rere, wọ́n á bù fún un.

Tóún_Mushin
Ṣé wọ́n kọ kúlà?