"Ẹni" kò bá ìtàn lọ: èsì lórí "ìtàn afara-ẹni"

Ẹ̀yin àgbà àti ojúgbà mi, mo kí yín.

Bàbá wa kan láti Ògbómọ̀ṣọ́ gbé àbá kan síwájú wa pé ìtàn kan lè wà tó ń ròyìn bí a ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ọ́, tí ìròyìn yẹn gan-an yóò sì jẹ́ ohun tó mú kí a sọ ọ́, tó fi jẹ́ pé olùsọ kàn jẹ́ ẹnu lásán. Wọ́n pè é ní "ìtàn afara-ẹni". Èmi kò bá àbá náà jà. Orúkọ tí wọ́n fún un ló ń bí mi nínú, nítorí pé orúkọ náà ń tako ohun tí àbá ń sọ.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wo ohùn. Gbogbo wa la mọ̀ pé ọ̀rọ̀-ìṣe olóhùn ìsàlẹ̀ máa ń di olóhùn àárín bí ọ̀rọ̀-orúkọ tó jẹ́ àbọ̀ bá tẹ̀ lé e, bí "kà" ṣe ń di "ka" nínú "ka ìwé". "Fà", tó túmọ̀ sí kí nǹkan mú nǹkan wá, ló wà nínú "afara-ẹni". Nítorí náà, "fà" yóò di "fa", "fa ara" yóò sì di "fara". Ṣùgbọ́n "fara" náà ni "fi ara" ń dà, ẹni tó bá sì rí "afara-ẹni" yóò máa retí "jìn" lẹ́yìn rẹ̀. Ohùn ìsàlẹ̀ orí "fà", tí ì bá jẹ́ kí a mọ̀ pé ọ̀rọ̀ okùnfà là ń sọ, ti sọnù pátápátá.

"Ẹni" ló wá dùn mí jù. Ìpara-ẹni, ìkóra-ẹni-níjàánu, ìmọtara-ẹni-nìkan: ènìyàn ló wà nídìí gbogbo wọn. Bí ewúrẹ́ bá já okùn tó sì kó sí kànga, kò sí ẹni tí yóò pè é ní ìpara-ẹni. Bàbá wa ní "ẹni" ti di arọ́pò-orúkọ lásán. N kò gbà. Ní 1948, Robert Merton, onímọ̀ nípa àwùjọ ní Amẹ́ríkà, ṣàlàyé bí àhesọ pé báńkì kan fẹ́ dẹnu kọlẹ̀ ṣe lè mú kí àwọn tó fi owó pamọ́ síbẹ̀ sáré lọ gba owó wọn, tí báńkì tí kò ṣe nǹkan kan yóò sì dẹnu kọlẹ̀ lóòótọ́. Ọ̀rọ̀ ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ ènìyàn ló gbé e dé báńkì. Ibẹ̀ ni "ẹni" ti lè wúlò. Nínú àbá bàbá wa, wọ́n ti yọ ọwọ́ ènìyàn kúrò. Kí ni "ẹni" wá ń wá níbẹ̀? Kí a má sì da èyí pọ̀ mọ́ ti Kurt Gödel, tó fi hàn ní 1931 pé a lè gbé gbólóhùn kan kalẹ̀ nínú ìṣirò tó ń sọ nípa ara rẹ̀ pé ètò ìṣirò yẹn kò lè fi ẹ̀rí òun múlẹ̀. Gbólóhùn yẹn tọ́ka sí ara rẹ̀ ni. Kò fa nǹkan kan.

Àwọn àgbà wa ní Ọ̀yọ́ mọ ìyàtọ̀ yìí. Bí ìyá mi àgbà bá parí àlọ́, wọn á ní, "Bí mo bá purọ́, kí agogo ẹnu mi má ró," wọn á fẹ́ ẹ̀rẹ̀kẹ́, wọn á fi ìka lù ú: pó, pó, pó. Àlọ́ ń jẹ́rìí ara rẹ̀, ṣùgbọ́n ìka ìyá àgbà ló lu agogo, "ẹnu mi" ni wọ́n sì ń wí, wọn kò wí pé "ẹnu ẹni".

Ohun tí mo fẹ́ kí a gbà ni "ìtàn okùnfà-ara-rẹ̀". "Fà" kò pàdánù ohùn rẹ̀ níbẹ̀, nítorí pé "okùnfà" ti di ọ̀rọ̀-orúkọ, "ara rẹ̀" sì ń yán an ni, kì í ṣe àbọ̀ "fà" mọ́. "Rẹ̀" gba ènìyàn, ó gba ẹranko, ó gba ìtàn. Bí wọ́n bá ní ó gùn, ṣé ìkóra-ẹni-níjàánu kò gùn jù ú lọ ni?

Ní ti ọ̀rọ̀ tí bàbá wa sọ pé àwa ará Ọ̀yọ́ rò pé àwa la ni èdè, tí wọ́n sì fi Samuel Ajayi Crowther, tó tẹ ìwé ọ̀rọ̀ Yorùbá jáde ní 1843, ṣe ẹ̀rí pé ọmọ Òṣogùn ni, kì í ṣe ọmọ ìlú Ọ̀yọ́, abẹ́ Aláàfin ni Òṣogùn wà nígbà tí wọ́n bí i. Mo ṣì ń dúró de ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo, ìbáà jẹ́ látẹnu àgbà Ògbómọ̀ṣọ́ tàbí ti Ọ̀yọ́, tí "ẹni" inú rẹ̀ kì í ṣe ènìyàn.