Wolfgang Petersen: báwo ló ṣe ti orí tẹlifíṣàn dé Họ́líwúùdù?

Ọmọ Ìjàpọ̀, Àkúrẹ́
Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin àgbà ìdí kámẹ́rà. A fẹ́ ya eré kan tí gbogbo rẹ̀ á wáyé nínú bọ́ọ̀sì elérò 14 tó ń ti Àkúrẹ́ lọ Ọ̀wọ̀ lóru. Wọ́n ní ká wo iṣẹ́ Petersen, olùdarí fíìmù ará Jámánì. Ibo ló ti bẹ̀rẹ̀, kí la sì lè rí kọ́ níbẹ̀? Ẹnì kan ní ká gé òrùlé bọ́ọ̀sì kúrò kí kámẹ́rà lè ráyè. Ṣé ó dáa bẹ́ẹ̀? Owó ò pọ̀ o.

Fíìmù Alágbàká
Emden ni wọ́n bí i sí ní 1941, Berlin ló ti kọ́ iṣẹ́ fíìmù. Láti 1971 ló ti ń darí Tatort, eré ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ tí tolórí tẹlẹ́mù mọ̀ ní Jámánì. Ó ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún kí Das Boot, fíìmù ogun tó wáyé nínú ọkọ̀ abẹ́ omi, tó dé ní 1981, tí wọ́n yàn án fún Oscar mẹ́fà. Lẹ́yìn náà ni Amẹ́ríkà: In the Line of Fire (1993), Air Force One (1997), Troy (2004). Poseidon (2006) ò pa owó tí wọ́n retí. Ní 2016 ó padà sílé lọ tún Vier gegen die Bank ṣe, eré tí òun fúnra rẹ̀ ti ṣe fún tẹlifíṣàn ní 1976! Ó kú ní 2022.

Ará Ọbà-Ilé
Àbúrò, ẹ má fọwọ́ kan òrùlé yẹn. Híhá tí ibẹ̀ há gan-an ni eré yín. Jost Vacano tó ya Das Boot so gírò méjì (ẹ̀rọ tó ń yí bírí kí kámẹ́rà má baà máa mì) mọ́ kámẹ́rà Arriflex kékeré, ó dé akoto, ó sì ń sáré gba ojú ihò inú ọkọ̀ abẹ́ omi náà kọjá. Ariwo gírò yẹn ò jẹ́ kí ohùn ṣeé gbà, ni àwọn òṣèré bá tún ọ̀rọ̀ wọn sọ ní sítúdíò.

Tiyín: lẹ́ńsì 18 tàbí 24 mm, tó ń rí ibi tó fẹ̀. Tí ẹ bá lo 50, imú ẹnì kan lẹ máa rí. Ẹ páàkì síbi tó ṣókùnkùn, ẹ pa ẹ́ńjìnnì, ẹ ki pákó gígùn bọ abẹ́ bọ́ńpà ẹ̀yìn, kí ẹnì kan máa tẹ̀ ẹ́. Díẹ̀díẹ̀ ni o; bó bá lo agbára, á dà bíi pé ilẹ̀ ń mì. Kí ẹlòmíì gbé tọ́ọ̀ṣì méjì kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, ó ti di mọ́tò tó ń bọ̀ nìyẹn. Gílóòbù oníbátìrì ni kẹ́ ẹ fi sínú ọkọ̀, torí iná jẹnẹrétọ̀ kì í dúró lójú kan, á máa ṣẹ́jú nínú àwòrán. Ẹ to kámẹ́rà sí férémù 25 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, ṣọ́tà 1/50. Gíláàsì á làágùn tí èrò bá kún, ẹ mú aṣọ gbígbẹ dání.

Ẹ yà á bí ìtàn ṣe tẹ̀ léra. Bí Petersen ṣe ṣe é nìyẹn, kí irùngbọ̀n àwọn òṣèré lè máa hù. Tiyín, òógùn àti eruku ni. Tí ohùn bá bàjẹ́, kí wọ́n tún un sọ nínú bọ́ọ̀sì yẹn gan-an lójú ẹsẹ̀. Ohùn yàrá ò jọ ohùn inú mọ́tò.

Ọmọ Ìjàpọ̀, Àkúrẹ́
Ẹ ṣeun, ẹ̀gbọ́n. A tún fẹ́ pín in sí apá mẹ́rin fún YouTube. Ṣé ká na fíìmù náà ni?

Fíìmù Alágbàká
Rárá o, á kàn máa wọ́lẹ̀ ni. Èyí tó gùn ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ kọ, kẹ́ ẹ wá gé e kù. Owó tẹlifíṣàn wà nínú Das Boot: ìṣẹ́jú 149 ni ti sinimá, ti tẹlifíṣàn fẹ́ẹ̀ẹ́ tó wákàtí márùn-ún, látinú ohun kan náà tí wọ́n yà. Kí apá kọ̀ọ̀kan ní ibi tí ọ̀rọ̀ ti há: táyà bẹ́ ní Ọ̀gbẹ̀sẹ̀, epo tán ní Ẹmùré-Ilé. Ẹ kọ ibi ìpín yẹn sínú ìwé eré kẹ́ ẹ tó gbé kámẹ́rà.